Ìgbéraga Ivano Scarpellin, Aṣọ́lé Tó Di Akọ́nimọ̀ọ́gbá

Ẹ̀yin òbí, ẹ̀yin ọ̀gá, gbogbo ẹ̀yin tí ọmọ ọlọ́mọ wà lábẹ́ yín, ẹ fara balẹ̀ ka ìtàn yìí títí dé gbólóhùn tó kẹ́yìn. Kì í ṣe ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù nìkan.

1.

Ní Pontesella, ìlú wa lẹ́bàá odò Po ní ilẹ̀ Ítálì, tọmọdé tàgbà ló mọ Ivano Scarpellin. Ọdún mẹ́rìndínlógún gbáko ló fi ṣọ́lé fún ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù wa, kò sì jáde ní pápá rí kí eré tó parí. Lọ́jọ́ kan, ẹnìkan tẹ ìka ọwọ́ rẹ̀ mọ́lẹ̀, ìka dá. Ivano fi báńdéèjì so ó mọ́ èkejì rẹ̀, ó padà síwájú àwọ̀n, ó sì mú pẹnáritì. Wọ́n gbé e lé èjìká yí ìlú ká.

Ìyìn yẹn ló kó bá a. Láti ìgbà náà ló ti gbà pé ojo lẹni tó bá ní ara ń dun òun.

2.

Nígbà tó fi bọ́ọ̀lù gbígbá sílẹ̀, wọ́n fi í ṣe akọ́nimọ̀ọ́gbá. Nevio, ọmọ opó kan tó ń jẹ́ Delfina tó ń ṣe búrẹ́dì, ló mú ṣe aṣọ́lé. Ọmọ ọdún méjìlélógún ni Nevio, ọwọ́ rẹ̀ yá bí ìmọ̀nàmọ́ná.

Delfina sọ fún un pé, "Ivano, ọmọ kan ṣoṣo tí mo ní nìyí. Ìwọ ni mo fi lé lọ́wọ́ o."

"Fọkàn balẹ̀, Delfina. Ọmọ tèmi náà ni."

Ṣùgbọ́n nígbà tí agbábọ́ọ̀lù kan ní itan ń dun òun, ohun tí Ivano sọ níwájú gbogbo ẹgbẹ́ ni pé, "Ṣé kí n ránṣẹ́ pe ìyá ẹ, kó wá fún ẹ lọ́mú?" Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín. Láti ọjọ́ náà, ara kò dun ẹnikẹ́ni mọ́ ní Pontesella. Lẹ́nu nìyẹn o.

3.

Ọjọ́ Àìkú tó kẹ́yìn nínú oṣù karùn-ún, ọ̀mì péré la nílò kí ẹgbẹ́ wa lè gòkè sí líìgì tó ga ju tiwa lọ. A ò gòkè láti ọgbọ̀n ọdún. Èmi náà wà ní pápá.

Abala kejì ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ni Nevio fò jáde láti mú bọ́ọ̀lù. Orúnkún ẹnìkan gbá a ní ẹ̀bátí, ó ṣubú lulẹ̀ gbì. Bepi, bàbá arúgbó tó ń tọ́jú àwọn agbábọ́ọ̀lù, sáré wọlé lọ bá a. Nevio lajú, ó ní, "Bàbá mi ńkọ́? Ṣé wọ́n ti dé?"

Ọdún kẹfà rèé tí bàbá rẹ̀ ti kú.

Bepi kígbe pé, "Ivano, yọ ọ́! Òkú ló ń béèrè!"

"Ta ni kí n fi rọ́pò ẹ̀? Ẹni tí bọ́ọ̀lù máa ń gba abẹ́ ẹsẹ̀ ẹ̀ kọjá bí òròmọdìyẹ?"

"Mo ní kó o yọ ọmọ ọlọ́mọ!"

Ivano wọ pápá, ó ti Bepi sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó fi ọwọ́ méjèèjì di Nevio ní ẹ̀rẹ̀kẹ́ mú. "Wò mí. Ṣé o lè ṣe é?"

Ẹ̀yin òǹkàwé mi, kí lẹ rò pé ọmọ náà máa sọ? "Mo lè ṣe é, ọ̀gá."

Rẹfirí béèrè bí ara ọmọ náà ṣe rí, Ivano dáhùn pé, "Ara ẹ̀ le koko."

Kò ju ogún ìṣẹ́jú lọ lẹ́yìn náà, bọ́ọ̀lù kan wá tí kò le rárá. Nevio bẹ́ sí i, ó ṣì í, orí rẹ̀ sì lọ lu òpó àwọ̀n. Kò dìde mọ́. Wọ́n gbé e lọ sílé ìwòsàn, eré ń bá a lọ. Ọ̀mì náà ni a ta. A gòkè. Kò sẹ́ni tó jó.

4.

Ọjọ́ kọkànlá ni Nevio tó lajú. Apá ọ̀tún rẹ̀ ti rọ, ọ̀rọ̀ ń lọ́ mọ́ ọn lẹ́nu. Dókítà ní ká ní ó sinmi lẹ́yìn ìfarapa àkọ́kọ́ ni, ì bá ti bọ́ níbẹ̀. Èkejì tó gùn ún lórí ló bà á jẹ́.

Ivano wá sílé ìwòsàn. Delfina dúró sí ẹnu ọ̀nà.

"Delfina, òun fúnra ẹ̀ ló ní òun lè ṣe é."

"Ohun tó o wá sọ fún mi nìyẹn? Mo fi ọmọ lé ẹ lọ́wọ́, o fi ṣe òpó àwọ̀n. Máa lọ."

5.

Ìgbìmọ̀ tó ń ṣàkóso bọ́ọ̀lù pè é lẹ́jọ́. Bepi sọ gbogbo ohun tó gbọ́. Wọ́n ní Ivano kò gbọdọ̀ kọ́ ẹnikẹ́ni ní bọ́ọ̀lù mọ́ láéláé. Lauretta, ìyàwó rẹ̀, bẹ̀ ẹ́ pé, "Lọ tọrọ àforíjì, má fi 'ṣùgbọ́n' sí i." Kò lè ṣe é. Ìyàwó kó lọ sọ́dọ̀ àbúrò rẹ̀ ní Padova. Nílé wáìnì, bó bá jókòó, àwọn tó ń fi káàdì ta ayò á dìde fi í sílẹ̀.

Ọdún mẹ́ta kọjá. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó ń gba iwájú ilé búrẹ́dì kọjá, ó sorí kodò. Nevio jókòó sórí kẹ̀kẹ́ aláàrùn níta, ìyá rẹ̀ ń fi búrẹ́dì tó rẹ sínú mílíìkì bọ́ ọ. Ọmọ náà rí i, ó gbé ọwọ́ òsì sókè, ó rẹ́rìn-ín.

"Ẹ káàsán, ọ̀gá. Ta là ń bá gbá lónìí?"

Ivano fẹ̀yìn ti ògiri. Ó bú sẹ́kún. "Èmi ni mo ṣe é, Delfina. Èmi ni."

Delfina nu ẹnu ọmọ rẹ̀, ó ti kẹ̀kẹ́ wọlé, ó sì pa ilẹ̀kùn dé.

Ẹ̀yin ènìyàn mi, bí ẹ bá fara da ìyà yege, ẹ má sọ ọ́ di òfin fún ara ẹlòmíì. Bí ọmọ abẹ́ yín bá ní "mo lè ṣe é," ẹ wò ó bóyá ẹ̀rù yín ló ń bà á. Ẹ gba àṣìṣe yín nígbà tó ṣì wúlò. Àbámọ̀ ní í gbẹ̀yìn ọ̀ràn. Gbogbo ọ̀tọ̀kùlú péjọ, wọn ò rí oògùn àbámọ̀ ṣe.