Àmì Àyọlò Tó Ṣófo

Ọdún tí ìrẹsì di oúnjẹ Kérésì nìkan, tí owó oṣù tíṣà di ohun tí wọ́n kàn ń sọ lórí rédíò, ni wọ́n kéde ìdíje náà. Àròkọ Gẹ̀ẹ́sì ni: ìfọ̀rọ̀wérọ̀ láàárín èmi àti bàbá mi. Ọmọ tó bá gbégbá orókè ní Àkúrẹ́ kò ní san owó ilé ìwé mọ́ títí yóò fi jáde.

Kò sí ilé ìwé kan ní Oǹdó tí kò fẹ́ ẹ. Ní ti Tíṣà Ọláwuyì, Ọpẹ́olúwa ni gbogbo ojú ń wò. Ọmọ náà gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì dénú eegun. Bí kò bá sì rí ẹ̀bùn yìí gbà, ilé àǹtí rẹ̀ ní Ìgbàrà-Òkè ló kàn, kó lọ kọ́ṣẹ́ aṣọ rírán. Ọláwuyì mọ̀ bẹ́ẹ̀. Síbẹ̀, pàṣán rẹ̀ le lára Ọpẹ́olúwa ju ti ọmọ yòókù lọ, kí ẹnikẹ́ni má bàa rí ọ̀rọ̀ sọ.

"Ẹ gbọ́!" Ó fi ṣọ́ọ̀kì kan pátákó. "Bí èèyàn bá sọ̀rọ̀, kọ́mà méjì lókè níwájú, méjì lẹ́yìn. Ohun tó bá sọ gan-an ni kẹ́ ẹ kọ sáàárín. Ẹ ò gbọdọ̀ fi kún un, ẹ ò gbọdọ̀ yọ nínú rẹ̀. Ṣé ó yé yín?"

"Ó yé wa, sà!"

Ẹni bá gbọ́ ọ ní kíláàsì yóò rò pé ọ̀rọ̀ kì í tán lẹ́nu rẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì ó gba ìwé wọn. Ti Ọpẹ́olúwa dán mọ́rán, àmì kan ò ṣìnà. "Bàámi, ẹ káàárọ̀," ni ọmọ inú àròkọ náà wí. Lábẹ́ rẹ̀, ó ṣí àmì àyọlò, ó pa á dé, kò sí nǹkan kan láàárín. "Bàámi, èmi ni mo gba ipò kìn-ín-ní." Ó ṣí i, ó pa á dé. "Bàámi, ṣé mo ṣẹ̀ yín ni?" Ó ṣí i, ó pa á dé.

"Ọpẹ́olúwa, dìde. Kí ni bàbá yìí sọ níbí?"

"Wọn ò sọ nǹkan kan, sà."

Àwọn ọmọ tí wọ́n máa ń rẹ́rìn-ín sí ohun gbogbo ń wo bàtà wọn.

"Ìdáhùn gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀. Kọ ọ́ sí i."

"Ohun tí èèyàn bá sọ gan-an lẹ ní ká kọ, sà. Mi ò fẹ́ parọ́ mọ́ wọn."

Ọláwuyì gbé pàṣán sókè, ó tún sọ ọ́ kalẹ̀.

Ìyáàfin Bísọ́dún, igbákejì ọ̀gá ilé ìwé, ló máa gbé ìwé lọ sí Àkúrẹ́ lọ́sàn-án ọjọ́ náà. Ó ka àròkọ yìí nínú yàrá àwọn tíṣà, ojú rẹ̀ yí padà.

"Háà! Ọ̀gbẹ́ni Ọláwuyì, ọmọ yìí ló yẹ kó gbà á. Ẹ ṣáà fi ọ̀rọ̀ díẹ̀ sí i. 'O ṣeun, ọmọ mi.' Ṣé ìyẹn náà nira ni?"

Ọláwuyì mú bíro, ó fi kan ìwé. Ó tún gbé e kúrò. Ojú tì í, àánú ọmọ náà sì ṣe é.

"Kò ní jẹ́ òótọ́," ó ní.

"Òtítọ́ dọ́jà, ó kùtà, ẹ̀yin ò mọ̀ ni? Ta ló ń béèrè òótọ́ lọ́wọ́ yín?"

"Ọpẹ́olúwa."

Bísọ́dún mí kanlẹ̀. Ó mú ìwé ọmọ mìíràn, ó wọkọ̀ lọ.

Nígbà tí wọ́n lu agogo ìparí, Ọpẹ́olúwa gbé báàgì tíṣà rẹ̀ rù bí ìṣe rẹ̀, ó tẹ̀ lé e. Ó ti gbọ́ ìwé ẹni tó lọ sí Àkúrẹ́. Kò sunkún. Títí wọ́n fi gòkè Òkè-Lísà, Ọláwuyì ń la ẹnu bí ẹni fẹ́ sọ̀rọ̀. Kí ni kó sọ? Láti ìgbà tí owó oṣù ti dá dúró, ìbéèrè ló kù nílé, ìdáhùn ti tán.

Nínú ilé wọn, Ọpẹ́olúwa sọ báàgì kalẹ̀, ó bọ́ aṣọ ilé ìwé, ó gbé ẹ̀bà síwájú tíṣà rẹ̀, ó kúnlẹ̀, ó ní, "Bàámi, oúnjẹ yín rèé," Ọláwuyì sì kàn mi orí.