Ẹja Tí Kò Légbò

"Bí ẹ bá rí egbò lára ẹja mi, ẹ gbé e lọ lọ́fẹ̀ẹ́."

Ọdún tí wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Kwara sílẹ̀ ni Rúùtù ti bẹ̀rẹ̀ sí í wí bẹ́ẹ̀ lọ́jà Òmù-Àrán. Ó di ọdún kẹrìnlá, ẹnikẹ́ni kò tíì gbé ẹja lọ lọ́fẹ̀ẹ́.

Sámúẹ́lì ọkọ rẹ̀ ló ń kó ẹja náà wá, láti odò tó gba ẹ̀yìn oko kòkó rẹ̀ kọjá lọ́nà Rore. Igbá nìkan ló máa ń gbé lọ. Lásìkò tí wọ́n bá ń fín kòkó, igbá méjì ló ń kún.

Bùkárì, Tápà kan láti Ṣàrẹ́, ń pàtẹ ẹja sí ẹ̀gbẹ́ Rúùtù. Ìwọ̀ ti fa ẹnu ẹja tirẹ̀ ya, àwọ̀n ti bó ìpẹ́ lára òmíràn.

"Bùkárì, ṣé ojú ìjà lo ti ń bọ̀ ni?"

"Ìyá Janet, ẹja mi jà kó tó kú. Tiyín ńkọ́?"

"Ọmọlúàbí ni tèmi. Kì í bá ènìyàn jà."

Àwọn oníbàárà rẹ́rìn-ín, wọ́n sì ra ti Rúùtù.

Èyí tó bá dára jù nínú ẹja náà, Rúùtù kì í tà á. Ó ń sè é ránṣẹ́ sí Janet, ọmọ rẹ̀, nílé ọkọ. Oyún ti bàjẹ́ lára Janet lẹ́ẹ̀mejì. Ẹ̀kẹta ti pé oṣù márùn-ún. Nọ́ọ̀sì ní kó máa jẹ ẹja. Rúùtù ní ẹja tó bá légbò kò ní kan ẹnu ọmọ òun.

Nígbà tí àwọn tó ń ya fíìmù nípa odò àti igbó dé láti Ìlọrin, ìdí àtẹ rẹ̀ ni wọ́n dúró sí. Ó la ẹnu ẹja kan fún wọn, ó yí ikùn rẹ̀ sókè.

"Ẹ wò ó dáadáa. Ìwọ̀ ò kàn án, àwọ̀n ò kàn án."

Ọmọbìnrin tó ń bi í léèrè tẹ̀ síwájú, ó wo ẹnu ẹja náà. "Ibo lẹ ti ń rí i, mà?"

Rúùtù júwe odò. Ó tilẹ̀ sọ ìdí igi tí wọn yóò ti yà.

"Ẹ̀yin náà ń jẹ nínú ẹ̀?"

"Ọmọ mi tó lóyún gan-an ló ń jẹ ẹ́!"

Ọmọbìnrin náà àti àwọn tó ń ya fíìmù gba ọ̀nà odò náà lọ.

Oṣù méjì lẹ́yìn náà, lọ́sàn-án ọjọ́ Sátidé, wọ́n fi fíìmù náà hàn. Rúùtù wọ aṣọ ṣọ́ọ̀ṣì lọ sílé Tíṣà Awóyẹmí, tó ní tẹlifíṣọ̀n. Janet jókòó tì í, abọ́ ọbẹ̀ ẹja wà lórí itan rẹ̀, ó ń jẹ. Ojú Rúùtù yọ, ilé pariwo.

"Ìyá Janet, ẹ ti di gbajúmọ̀!" ni Tíṣà wí.

Fíìmù kúrò lọ́jà, ó dé odò.

Ohùn kan ní, "Ẹja tí ìwọ̀ kò kàn, tí àwọ̀n kò kàn, oògùn kòkó ló pa á," Sámúẹ́lì sì yọ lójú fíìmù, ó ń da agolo oògùn sódò, Rúùtù wá na ọwọ́, ó rọra gba abọ́ lọ́wọ́ Janet, eegun ẹja nìkan ló kù níbẹ̀.