Ẹni Tó Ń Lu Ògiri

Kò-kò-kò! Aago mẹ́fà àárọ̀ pere, ẹni tó wà ní yàrá kejì tún ti ń lu ògiri. Oṣù kẹta rèé. Télọ̀ kan tó ń gbé ní òdìkejì ògiri náà, tí kò mọ orúkọ ẹnikẹ́ni nínú gbogbo ilé alájà mẹ́fà yìí, fi bàtà gbá ògiri padà bó ṣe máa ń ṣe, gbà-gbà-gbà! Ṣùgbọ́n lónìí, inú ẹ̀ ò rọ̀. Ó já síta, ó lọ kan ilẹ̀kùn onítọ̀hún bí ẹni tó fẹ́ fọ́ ọ.

Ìyá àgbàlagbà kan ló ṣílẹ̀kùn, ọ̀pá ìtilẹ̀ lọ́wọ́. Ìbínú ò jẹ́ kí télọ̀ rántí kí i.

"Mà, kí ni mo ṣe fún yín tẹ́ ẹ fi ń yọ mí lẹ́nu láràárọ̀?"

Ojú ìyá náà tàn. "Ìwọ nìyí! Mo ń kí ẹ káàárọ̀ ni. Gbogbo ilé yìí, ìwọ nìkan ló ń dá mi lóhùn."

Ìyá náà fi ọ̀pá rẹ̀ gún ilẹ̀.

"Ṣùgbọ́n ó ti tó gẹ́ẹ́! Ṣé èmi àgbà ló yẹ kí n máa kọ́kọ́ kí ẹ ni?" Ó pa ilẹ̀kùn dé gbàmù.

Lọ́jọ́ kejì, nígbà tó ku ìṣẹ́jú márùn-ún kí aago mẹ́fà lù, télọ̀ ti jókòó ti ògiri, bàtà lọ́wọ́.