Fọ́tò Tèmi Nìkan

Fọ́tò pọ̀ lára ògiri pálọ̀ ọkọ obìnrin kan bí ẹni ń tà á. Nínú gbogbo wọn, inú mẹ́ta péré ni obìnrin náà wà. Ọmọ ọlọ́mọ tó gbé dání bò ó lójú nínú ọ̀kan. Nínú òmíràn, ẹ̀yìn ẹbí ọkọ ló wà, ó ń bá wọn di báàgì mú. Ẹ̀kẹta, èjìká rẹ̀ nìkan ló hàn.

Ó dùn ún wọra. Kò sọ fún ẹnikẹ́ni, ta ló fẹ́ gbọ́?

Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, ó wọ aṣọ tó dáa jù nínú àpótí rẹ̀. Aṣọ náà ti tóbi jù fún un, ló bá fi píìnì há a lẹ́yìn.

Ọkọ rẹ̀ gbójú kúrò lórí fóònù. "Níbo nìyẹn?"

"Mo fẹ́ lọ ya fọ́tò."

"Fọ́tò kẹ̀? Àgbà yìí náà?" Ó padà sídìí fóònù rẹ̀.

Ṣọ́ọ̀bù onífọ́tò ò jìnnà, ṣùgbọ́n ó jókòó sinmi kó tó débẹ̀. Ọ̀dọ́kùnrin ọlọ́yàyà ni onífọ́tò náà.

"Ẹ jókòó, Mà. Ọjọ́ ìbí là ń ṣe, àbí mo parọ́?"

"Ó jọ bẹ́ẹ̀."

"Bàbá ò bá yín wá?"

"Èmi nìkan ni mo fẹ́ kó wà níbẹ̀. Mi ò fẹ́ kí wọ́n máa wá gé mi jáde lára fọ́tò ẹlòmíì."

"Ta ló tó bẹ́ẹ̀? Ẹ gbórí sókè díẹ̀. Màmá yìí mà rẹwà o. Àbí wọn kì í sọ fún yín ni?"

Wọn kì í sọ fún un. Omi lé sójú rẹ̀, kò jẹ́ kó bọ́. Ó wo kámẹ́rà lójú kòrókòró bí onílé tó ń wo ayálégbé.

Nígbà tí onífọ́tò fi àwòrán náà hàn án, ó sún mọ́ ọn, ó wò ó dáadáa. "Èmi rèé," ló sọ. Inú rẹ̀ dùn gan-an. Ó ní kó tẹ̀ ẹ́ ní títóbi, kó sì fi férémù sí i.

"Ìgbà wo lẹ máa wá gbà á?"

"Ọkọ mi ló máa wá. Ṣáà bá mi tọ́jú ẹ̀ dìgbà náà."

"Kò burú. Ṣé kí n kọ 'Ẹ kú ọjọ́ ìbí' sísàlẹ̀ ẹ̀?"

Ó ní rárá, kó kọ orúkọ òun, kó kọ ọjọ́ tí wọ́n bí òun, kó wá fi àyè ọjọ́ kan péré sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ọkọ òun á sọ ọjọ́ tó máa kọ síbẹ̀ nígbà tó bá dé.