Agbẹ̀bí Tí Adájọ́ Dá Láre

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀ ka ìtàn yìí títí dé òpin. Ẹ má kà á dé ìdajì kí ẹ wá sọ pé obìnrin náà jàre. Èmi náà kọ́kọ́ rò bẹ́ẹ̀.

1.
Agbẹ̀bí kan wà ní ilé ìgbẹ̀bí ìjọba. Ẹlẹ́rìn-ín ni gbogbo èèyàn ń pè é, torí pé bí aboyún bá ń ké, ẹ̀fẹ̀ ló máa ń fi dá a lóhùn: “Kígbe dáadáa, ìyá mi, kí bàbá ọmọ lè gbọ́ níta!” Mátírọ́nì, ọ̀gá wọn, ló kọ́ ọ níṣẹ́. “Ìyá” ni Ẹlẹ́rìn-ín ń pè é, kì í pè é ní ọ̀gá.

Lọ́jọ́ kan, ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń gbọ́ bí ọkàn ọmọ inú ṣe ń lù pòórá nínú kọ́bọ́ọ̀dù. Kò sẹ́ni tó fọ́ ilẹ̀kùn rẹ̀. Ọlọ́pàá bi Mátírọ́nì pé, “Ta ló ní kọ́kọ́rọ́?”

Ẹ̀rù ba ìyá náà. Kò ní pẹ́ fẹ̀yìn tì mọ́. Ó ní, “Ẹlẹ́rìn-ín nìkan ni.”

Irọ́ ni. Kọ́kọ́rọ́ kejì wà lọ́wọ́ òun fúnra rẹ̀, ó sì ti gbàgbé rẹ̀ sára ilẹ̀kùn náà lọ́jọ́ yẹn.

2.
Wọ́n fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ mú Ẹlẹ́rìn-ín jáde tòun ti aṣọ iṣẹ́ lọ́rùn, lójú àwọn aboyún tó jókòó lórí bẹ́ǹṣì. Ẹjọ́ ò tíì bẹ̀rẹ̀ tí ìjọba fi lé e lẹ́nu iṣẹ́. Ọkọ rẹ̀, káfíńtà, ló ń dá gbọ́ bùkátà ilé. Àwọn aládùúgbò tó ti gbẹ̀bí fún ń di báàgì wọn mú bó bá ń kọjá.

Ẹjọ́ falẹ̀ títí. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n pe Mátírọ́nì wá jẹ́rìí, ìyá náà bú sẹ́kún.

“Olúwa mi, mo purọ́ fún ọlọ́pàá. Kọ́kọ́rọ́ wà lọ́wọ́ èmi náà. Èmi ni mo gbàgbé rẹ̀ sára ilẹ̀kùn, ẹnikẹ́ni ló lè ti ṣí i. Ọmọ yìí ò mọ nǹkan kan.”

Ọ̀rọ̀ yẹn ni adájọ́ gbé yẹ̀ wò tó fi ní ẹ̀sùn náà ò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ó dá Ẹlẹ́rìn-ín sílẹ̀, ìjọba sì ní kó padà sẹ́nu iṣẹ́, sí ipò rẹ̀ gan-an.

Ẹ̀yin èèyàn mi, ṣebí ó yẹ kí ọ̀rọ̀ parí síbẹ̀?

3.
Mátírọ́nì tiro wá sílé Ẹlẹ́rìn-ín. Eékún ń dà á láàmú, àìsàn ọkàn náà sì ń bá a fínra.

“Ọmọ mi, mo ṣẹ̀ ọ́. Ìbẹ̀rù ló sọ mí di òpùrọ́. Nítorí ìkúnlẹ̀ abiyamọ, forí jì mí.”

“Inú yàrá lẹ ti ń bẹ̀ mí? Ṣé inú yàrá ni wọ́n ti dè mí lọ́wọ́? Lọ́jọ́ tí mo bá padà sẹ́nu iṣẹ́, ẹ máa kúnlẹ̀ lẹ́nu géètì, lójú gbogbo wọn. Àìjẹ́ bẹ́ẹ̀, mo máa rí i pé wọ́n lé ẹ̀yin náà.”

Ọkọ Ẹlẹ́rìn-ín ò lè mú un mọ́ra. “Ìyàwó mi, ó tó. Ẹnu ìyá yìí náà ló gbà ọ́ lọ́wọ́ ẹ̀wọ̀n. Ṣé o gbàgbé ni?”

“Ẹ má dá sí i! Ẹ̀yin kọ́ ni wọ́n pè lólè.”

Mátírọ́nì nu omijé rẹ̀ nù. “Màá kúnlẹ̀, ọmọ mi, bó bá jẹ́ ohun tó máa tù ọ́ nínú nìyẹn.”

4.
Oòrùn ti mú láàárọ̀ ọjọ́ tí Ẹlẹ́rìn-ín padà sẹ́nu iṣẹ́. Ìyá arúgbó di irin géètì mú, ó sì kúnlẹ̀ díẹ̀díẹ̀ lórí sìmẹ́ǹtì. Nọ́ọ̀sì kan sáré wá gbé e.

“Ẹ fi wọ́n sílẹ̀!” Ẹlẹ́rìn-ín jágbe. “Kí gbogbo ayé gbọ́ ọ!”

“Ọmọ yìí kì í ṣe olè,” ni ìyá náà ń wí. “Èmi ni mo…”

Ó fẹ̀gbẹ́ ṣubú lulẹ̀. Ẹlẹ́rìn-ín rò pé ó ń díbọ́n ni. Nígbà tó máa fìka kan ọrùn rẹ̀, ẹ̀pa ò bóró mọ́. “Ìyá! Ìyá mi, ẹ dìde, mo ti gbà!” Ìyá ti kú.

5.
Nígbà tó lọ kí àwọn ọmọ olóògbé, ẹnu ọ̀nà ni àkọ́bí ti pàdé rẹ̀.

“Ẹ máa lọ sílé, àǹtí. Màmá ti forí jì yín kí wọ́n tó kúrò nílé láàárọ̀ ọjọ́ yẹn. Àwa la ò tíì lè ṣe é.”

Iṣẹ́ Ẹlẹ́rìn-ín wà níbẹ̀ o, aṣọ funfun wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n bó bá wọ yàrá ìgbẹ̀bí, àwọn nọ́ọ̀sì á kẹ́yìn sí i. Aboyún á ní, “Ẹ jọ̀ọ́, ẹlòmíràn ni mo fẹ́.” Ọdún ò yí po tó fi fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn kúrò. Lọ́tẹ̀ yìí, kò sẹ́ni tó lé e.

Ẹ̀yin ọ̀gá níbi iṣẹ́, bí wọ́n bá bi yín ní òótọ́, ẹ sọ ọ́ lọ́jọ́ tí wọ́n bi yín. Ẹ̀yin tí wọ́n sì ṣẹ̀, ẹ ṣọ́ra yín lọ́jọ́ tí ẹ bá jàre. Ìjọba lè dá iṣẹ́ yín padà fún yín, ṣùgbọ́n ẹni tí ẹ bá fi ìbínú tì sí kòtò, kò sí adájọ́ tó lè dá a padà. Bí ẹnì kan bá ń bẹ̀ yín lọ́wọ́ báyìí, ẹ gbà á lónìí. Ẹ fi ìtàn yìí ránṣẹ́ sí ẹni tí inú ń bí.