Orogún Àwáwù Tó Ń Gbé Inú Fóònù

Ẹ bá mi ka ìtàn yìí dé ìsàlẹ̀ pátápátá kí ẹ tó fi ṣọwọ́ sí ẹlòmíì. Mo mọ̀ yín. Ẹ ó ka ìlà méjì, ẹ ó kọ "Àmín" sí i, ẹ ó sì taari rẹ̀ sí gbogbo ẹgbẹ́ àdúrà. Èyí kì í ṣe àdúrà. Ẹ kà á tán, pàápàá ẹ̀yin tí ẹ ń wakọ̀ bí ẹni tí wọ́n ń lé bọ̀ lẹ́yìn.

1.

Ládòkun wakọ̀ ní Èkó títí irun orí rẹ̀ fi funfun, kó tó padà sílé ní Ṣakí. Kò sẹ́ni tó lè bá a wí nípa ọkọ̀ wíwà. Nǹkan kan ṣoṣo ló dójú tì í kó tó kúrò l'Ékòó: kámẹ́rà ojú pópó ká eré àsápajúdé mọ́ ọn lẹ́sẹ̀, ó ya nọ́ńbà ọkọ̀ rẹ̀, ìjìyà sì tẹ̀lé e. Ni Samsudeen ọmọ rẹ̀ bá gbé ẹ̀rọ afinimọ̀nà sórí fóònù fún un. Ohùn obìnrin kan ń bẹ nínú rẹ̀ tó ń sọ̀rọ̀ bí òyìnbó: yà sọ́tùn-ún, yà sósì. Bí ó bá sì ku díẹ̀ kí ọkọ̀ dé ibi tí kámẹ́rà wà, á ní, "Kámẹ́rà wà níwájú."

Inú Ládòkun dùn bí ọkọ ìyàwó. Àwáwù aya rẹ̀ náà sì rí i bẹ́ẹ̀.

"Orogún mi ti ń sọ̀rọ̀ o," ni yóò wí. "Ẹ dá a lóhùn kó má bàa bínú."

2.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti wọ́ nìyí. Ẹ má rẹ́rìn-ín, nítorí púpọ̀ nínú yín náà ò mọ̀ ọ́n. Ohun tí wọ́n bá ti kọ sínú ẹ̀rọ yẹn ló lè kéde. Kámẹ́rà tí ẹnikẹ́ni ò tíì kọ sí i, á gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá, kò ní fọhùn. Níbi tí nẹ́tíwọ̀kì ò bá sí, ó lè dákẹ́ bí odi. Èyí tó wà lórí fóònù Ládòkun, kámẹ́rà nìkan ló sì ń kìlọ̀ rẹ̀. Kò mọ kòtò, kò mọ màlúù.

Ṣùgbọ́n lójú Ládòkun, bí ohùn yẹn bá ti dákẹ́, ọ̀nà ṣófo nìyẹn. Láti Ṣakí dé Ìsẹ́yìn, ta ni yóò gbé kámẹ́rà sínú ìgbẹ́, kó máa ya ọ̀yà ní fọ́tò? Ohùn náà á dákẹ́ lọ, Ládòkun á sì tẹná mọ́lẹ̀.

"Bàbá Fàrídà, ẹ rọra."

"Kò sí nǹkan kan níwájú. Fóònù ló sọ bẹ́ẹ̀."

"Ó sọ bẹ́ẹ̀ ni, àbí ó dákẹ́?"

"Ìyá Fàrídà, kí lo mọ̀ nínú ọkọ̀ wíwà? Kẹ̀kẹ́ lásán o ò gùn rí."

"Mi ò gùn ún. Ṣùgbọ́n ó ti pẹ́ tí mo ti ń jókòó ti awakọ̀."

Lẹ́yìn náà, á bó ẹ̀pà, á fi sí i lọ́wọ́. Bí wọ́n ṣe máa ń rìnrìn àjò nìyẹn: èébú díẹ̀, ẹ̀pà díẹ̀.

3.

Fàrídà ọmọ wọn bímọ ní Ìbàdàn, àkọ́bí rẹ̀. Wọ́n kírun àsùbáà tán, wọ́n gbéra lọ síbi ìsọmọlórúkọ. Ọyẹ́ bo ojú ọ̀nà bí ìyẹ̀fun. Àwáwù gbé ike wàrà lé ẹsẹ̀, ó fi ìborùn bò ó. Fóònù ò fọhùn.

Kí wọ́n tó dé Òkàkà, ọkọ̀ kan tó ń bọ̀ lọ́ọ̀ọ́kán ṣẹ́ iná sí wọn.

"Ó ń kìlọ̀ fún wa," ni Àwáwù wí.

Ládòkun rẹ́rìn-ín. "Ó rò pé mi ò mọ ibi tí kámẹ́rà wà. Ará oko."

Wọn ò tíì lọ jìnnà tí wọ́n fi kan ẹ̀ka igi emi lójú títì, ewé tútù, òkìtì kan, lẹ́yìn náà òmíràn. Ọmọdé ilẹ̀ wa mọ̀ pé ibi tí wọ́n bá to ewé sí lójú títì, ọkọ̀ ti kú síwájú.

"Ewé rèé, Bàbá Fàrídà. Ewé."

"Àwọn darandaran ló ṣẹ́ ẹ fún ẹran wọn. Jẹ́ kí n gbọ́ fóònù."

Ó gun ewé náà kọjá. Ọkọ̀ ńlá tó kó òkúta bọ̀ láti Ìgbẹ́tì ló kú sójú ọ̀nà nínú ọyẹ́. Ládòkun já ọwọ́ ọkọ̀ sósì. Ọwọ́ awakọ̀ kì í bi í léèrè kó tó gbà á là. Ọ̀tún, ẹ̀gbẹ́ tó kọlu ọkọ̀ ńlá náà, ni Àwáwù jókòó sí.

Nígbà tí àwọn èèyàn ń gbé obìnrin náà jáde, wàrà ti fọ́n ká ojú títì. Lábẹ́ àga ọkọ̀, fóònù lahùn. "Máa lọ tààrà," ló wí.

4.

Orúkọ ìyá àgbà ni wọ́n sọ ọmọ náà. Lẹ́yìn fídáù, Fàrídà jókòó ti bàbá rẹ̀.

"Bàbá mi, ṣé màámi ò rí ewé yẹn ni?"

"Ó rí i."

"Wọn ò wá sọ fún yín?"

Láti ọjọ́ náà, Fàrídà máa ń pè é, á béèrè bóyá ó ti jẹun. Kò tún béèrè nǹkan mìíì.

Bí ẹ bá gba Ṣakí kọjá nírọ̀lẹ́, ẹ ó bá a níwájú ilé, fóònù lórí orúnkún, ó ti ṣí afinimọ̀nà. Kàdírì aládùúgbò rẹ̀ bi í léèrè lọ́jọ́ kan: "Bàbá Fàrídà, níbo lẹ ń lọ?"

"Kò síbì kan. Mo kàn ní kó bá mi sọ̀rọ̀ ni."

Ṣùgbọ́n ẹ̀rọ yẹn kì í bá ẹni tó jókòó sójú kan sọ̀rọ̀.

Ẹ̀yin awakọ̀, ẹ gbọ́ fóònù, mi ò ní kí ẹ má gbọ́ ọ. Ṣùgbọ́n bí ó bá dákẹ́, kò tíì sọ pé kò séwu. Ẹ dín eré kù, kámẹ́rà wà o, kò sí o. Ẹ wo iná ẹni tó ń bọ̀, ẹ wo ewé, kí ẹ sì gba ti ẹni tó jókòó tì yín nígbà tó ṣì ń bá yín jà. Ajá tí yóò sọnù kì í gbọ́ fèrè ọdẹ. Ládòkun gbọ́ fèrè, ti inú fóònù. Ti ọdẹ rẹ̀ tó jókòó tì í nìkan ni kò gbọ́.