Ẹ̀bẹ̀ Àwọn Àgbà ní Cocody

Ní ọdún 1974, wọ́n fi Marcel ṣe olórí ẹ̀ka ní ọ́fíìsì ìjọba kan ní Abidjan. Lassissi ni ipò náà tọ́ sí. Ó ti pẹ́ níbẹ̀ ju Marcel lọ, òun ló kọ́ Marcel níṣẹ́, ó sì yege ìdánwò tí Marcel fìdí rẹmi.

Odette tó ń tẹ̀wé ní ọ́fíìsì náà fa Lassissi sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó ní òfin fún un ní oṣù méjì láti kọ̀wé ẹ̀sùn sí ọ̀gá àgbà, pé bí oṣù méjì bá ti kọjá, kóòtù ò ní gbọ́ ọ mọ́. Ó ní òun ṣe tán láti bá a tẹ̀ ẹ́.

Lassissi gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí Williamsville, sọ́dọ̀ Bàbá Rùfáì, olórí àwọn ará Ìgbòho ládùúgbò yẹn, tó tọ́ ọ dàgbà lẹ́yìn ikú bàbá rẹ̀.

"Ìwé ẹ̀sùn kẹ̀?" ni Bàbá Rùfáì wí. "Ṣé o fẹ́ kí wọ́n máa sọ pé àwa ará Ìgbòho ò ní àgbà tó lè bẹ̀bẹ̀ ni? Fi sílẹ̀ fún wa."

"Bàbá, oṣù méjì péré ni wọ́n fún mi."

"Oṣù méjì ti pọ̀ jù fún ohun tí a fẹ́ fẹnu sọ."

Raliatou, ìyàwó Lassissi, ní kó kọ ọ́ ní bòókẹ́lẹ́. Kò jẹ́ kọ ọ́ lẹ́yìn Bàbá.

Ní ọjọ́ Àìkú, àwọn àgbà wọ agbádá, wọ́n gbé obì, ó di ilé ọ̀gá àgbà ní Cocody. Lassissi ò bá wọn lọ, nítorí ẹni tí wọ́n ń torí rẹ̀ bẹ̀bẹ̀ kì í jókòó síbẹ̀. Alidou, ọmọ Bàbá Rùfáì, ló ń bá wọn sọ ọ́ ní Faransé. Wọ́n kí ọ̀gá, wọ́n kí ìyàwó, wọ́n kí àwọn ọmọ. Wọ́n dúpẹ́ bó ṣe ń tọ́jú àwọn tó wà lábẹ́ rẹ̀. Wọ́n ṣàdúrà fún un, wọ́n sì fi orúkọ Marcel kún un, kí ẹnikẹ́ni má bàa sọ pé ìlara ló gbé wọn wá. Ọ̀gá fi ọwọ́ méjèèjì gba obì náà.

Lassissi béèrè ohun tí ọ̀gá sọ nípa ipò náà.

"Ọlọ́gbọ́n ènìyàn ni," ni Bàbá Rùfáì dáhùn. "A kì í ju irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ lu irú wọn lójú. Ó ń mi orí."

Wọ́n padà lọ láti dúpẹ́ ìgbàlejò ti àkọ́kọ́. Wọ́n tún lọ nígbà tí ìyá ìyàwó ọ̀gá kú. Ọ̀gá ń yẹ́ wọn sí ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Nígbà tó mọ̀ pé wọn kì í mutí, nyamankuji, omi atalẹ̀ olóyinmọmọ, ló ń ṣe dè wọ́n. Odette béèrè ìwé ẹ̀sùn. Lassissi ní ọ̀gá ṣì wà nínú ọ̀fọ̀, kò tíì bójú mu. Odette wò ó, ó padà sídìí ẹ̀rọ rẹ̀. Oṣù méjì pé, ó sì kọjá.

Nígbà tí Lassissi wá dé kóòtù, agbẹjọ́rò rẹ̀ ní ẹ̀sùn náà kò pẹ́ rárá. Ó ní àwọn àgbà ti fẹnu fi ẹjọ́ náà sùn lásìkò, ọ̀gá ló ń fi ẹ̀rín àti ohun mímu dá wọn dúró. Adájọ́ ní ohun tí ọ̀gá gbọ́ lẹ́nu wọn ni gbogbo rẹ̀ dúró lé. Ó ní kí ọ̀gá dìde.

Ọ̀gá kọ́kọ́ tẹrí ba fún àwọn àgbà lórí bẹ́ǹṣì wọn, ó bi Bàbá Rùfáì bóyá ara le, kó tó kọjú sí adájọ́.

"Wọ́n máa ń wá dúpẹ́ lọ́wọ́ mi nítorí Marcel, mo rò pé àna wọn ni," ni ọ̀gá wí, "ọpẹ́ náà sì wú mi lórí débi pé nígbà tí ipò igbákejì mi ṣófo, tí mo ti fẹ́ fi Lassissi sí i, Marcel ni mo tún fún."